Bọ́ọ̀lù Tí Yeuri Kọ̀ Láti Jù

"Ta ló ní kó o mirí sí mi? Mo ní ta ló ní kó o mirí sí mi níwájú gbogbo ará Nagua?"

Chebo fi àtẹ́lẹwọ́ bo ẹnu bó ṣe ń pariwo yẹn, torí àwọn ará Moca, alátakò wa, tó jókòó sí òdìkejì pápá bésìbọ́ọ̀lù mọ bí wọ́n ṣe ń ka ètè èèyàn. Yeuri náà ti gbé ìbọ̀wọ́ ńlá ẹ̀ dí ẹnu. Tẹ́ ẹ bá ń wò wọ́n láti òkèèrè, bí òjò ṣe ń kán sí wọn lórí níbẹ̀, ẹ máa rò pé àdúrà ni wọ́n ń gbà. Àdúrà kọ́ o.

"Kóòṣì, ẹ má bínú."

"Mo ti bínú ná! Ó ti pẹ́ jù!"

"Bọ́ọ̀lù ti rẹ nínú òjò yìí, Kóòṣì. Ó ń yọ̀ bí ẹja. Tí mo bá jù ú mọ́ ọn báyìí, orí ló máa bá."

"Ta ló dárúkọ orí fún ẹ? Ìdí ni mo ní! Ìdí tó tóbi bẹ́ẹ̀ yẹn, ìwọ ò rí i?"

"Mo gbọ́ ohun tẹ́ ẹ sọ. Bọ́ọ̀lù ni mi ò mọ̀ bóyá ó gbọ́."

Chebo fẹ́ fọ́ ọ létí. Mo ń sọ òótọ́ fún yín, ọwọ́ ẹ̀ ti gbéra díẹ̀. Rẹfirí ló rìn dé, ó ní, "Ẹ̀yin méjèèjì, ṣé kí n lọ bá yín se kọfí ni?" Ni Chebo bá yíjú padà, ó ń tẹ ẹrẹ̀ lọ sí bẹ́ńṣì.

Ohun tó fà á rèé. Kò tíì pẹ́ tí ajùbọ́ọ̀lù Moca sọ bọ́ọ̀lù lu Nilson wa lọ́rùn ọwọ́. Nídìí eré yìí, tí ẹnì kan ń ju bọ́ọ̀lù kí ẹlòmíì fi igi gbá a, kò sẹ́ni tó ń kọ́ ẹnikẹ́ni lóhun tó kàn: tí wọ́n bá lu tiyín, ẹ máa lu tiwọn. Ẹ ò ní bi wọ́n bóyá wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é. Kò sí nínú òfin kankan, àmọ́ ó le ju òfin lọ. Leonte tó jẹ́ ògá kóòṣì wa sì ti sáré jáde, ó bú ìyá rẹfirí, wọ́n bá lé e kúrò nídìí eré. Yàrá tí wọ́n ti ń pààrọ̀ aṣọ ló yẹ kó wà. Kò lọ o! Ó lúgọ sínú ọ̀nà tóóró tó wà lẹ́yìn bẹ́ńṣì, ibi tí ojú rẹfirí ò dé, ibẹ̀ ló ti ń pàṣẹ. Bó ṣe di pé Chebo, tó ń kọ́ àwọn ajùbọ́ọ̀lù, ló máa fi ọwọ́ ṣe àmì nìyẹn. Ó ṣe é. Ó ra ìgbọ̀nwọ́, ó fọwọ́ kan bẹ́líìtì: lu ọkùnrin Moca tó dúró láti gbá yẹn. Ni Yeuri, ajùbọ́ọ̀lù wa, ọmọ ọdún méjìlélógún, bá mirí pé òun ò ṣe.

Ọkùnrin ọ̀hún, Ulises, gbá bọ́ọ̀lù tó kàn, bọ́ọ̀lù rọra yí nílẹ̀, àwọn tiwa mú un, òun sì padà sí bẹ́ńṣì wọn láìfarapa. Ni ariwo bá sọ! Gbogbo àwọn èrò ìwòran dìde. "Ojo! Yeuri ojo!" Obìnrin kan sọ yaníkéké, búrẹ́dì díndín tó ń jẹ lọ́wọ́, wọ inú pápá. Ìbínú ẹ̀ ju ebi lọ.

"Chebo!" Ohùn Leonte jáde látinú òkùnkùn. "Wá níbí!"

Chebo ò wojú ẹ̀. Ó fẹ̀yìn ti ògiri, ó kọjú sí pápá bí ẹni tó ń ronú. "Mò ń gbọ́."

"Kí lọmọ yẹn ń ṣe?"

"Ó ní bọ́ọ̀lù rẹ."

"Àwa náà rẹ! Ṣé mo bi í bóyá ó rẹ? Wandy tiwọn ló kàn láti gbá. Jáde lọ, gba bọ́ọ̀lù lọ́wọ́ ẹ̀, kó o pe Brito. Brito ò ní mirí sí ẹnikẹ́ni."

Brito ti ń gbóná ara nídìí ògiri lọ́hùn-ún. Àgbà ọ̀jẹ̀ ajùbọ́ọ̀lù ni, ó mọ bí wọ́n ṣe ń lu èèyàn. Ẹ sì jẹ́ kí n yáa sọ èyí: kóòṣì tó bá ti lọ bá ajùbọ́ọ̀lù sọ̀rọ̀ lórí òkìtì tó ń dúró lé lẹ́ẹ̀kan, tó bá tún padà lọ kí abala eré yẹn tó parí, ajùbọ́ọ̀lù yẹn gbọ́dọ̀ jáde ni. Chebo sì ti fi ìbínú ná ẹyọ kan tó ní. Kò lè lọ fọwọ́ kan èjìká ọmọ yẹn mọ́, kò lè sọ pé "mí sínú" fún un, bí gbogbo ìlú ṣe ń bú u yìí. Tó bá fi lè gbé ẹsẹ̀ kọjá ìlà funfun etí pápá, á jẹ́ pé ó lé e nìyẹn.

Ìyẹn tún bí i nínú. Ó fi ẹsẹ̀ ta ike omi, ike náà fò lọ bá Nilson tó ti ọwọ́ tó wú bọ inú yìnyín.

"Èmi lẹ tún fẹ́ lù?" Nilson ní. "Kóòṣì, ta ló ń gbèjà mi nínú ilé yìí? Ọwọ́ mi rèé o! Ọwọ́ tí mo fi ń jẹun!"

"Bọ́ọ̀lù ló yọ̀ lọ́wọ́ ọmọ Moca yẹn, Nilson. Mo rí i. Lẹ́yìn tó jù ú tán, ó ń wo ìka ẹ̀ bíi pé wọ́n jí nǹkan níbẹ̀."

"Ẹ lọ sọ fún egungun mi!"

Àwọn tó jókòó rẹ́rìn-ín, àmọ́ ẹ̀rín yẹn ò dáa. Ọ̀kan nínú wọn ní kí Chebo kúkú lọ wọ aṣọ Moca.

"O gbọ́ wọn?" Leonte ní. "Chebo, ta ló yọ ẹ́ nídìí bátìrì ọkọ̀? Ọdún mélòó lo fi ń gbé bátìrì ní ṣọ́ọ̀bù ọkọ ẹ̀gbọ́n ẹ, tó ń fi ẹ́ han àwọn oníbàárà pé, 'Ẹ wo ẹni tó gbá bọ́ọ̀lù ní Amẹ́ríkà, ẹ jẹ́ kó bá yín gbé e dé ìdí ọkọ̀'? Àbí èmi kọ́ ni mo wá ẹ wá?"

"Ìwọ ni."

"Nígbà tí ìwọ ń ju bọ́ọ̀lù, tí èmi ń hán an fún ẹ, tí mo bá ní kó o lu èèyàn, ǹjẹ́ o mirí sí mi rí?"

"Mi ò mì ín rí."

"Ẹ̀n-ẹ́n!"

"Ohun tó ń bí mi nínú gan-an nìyẹn, Leonte!"

Kí Leonte tó dáhùn, ariwo sọ lórí pápá. Yeuri ti ju bọ́ọ̀lù. Ó lọ sókè, ó lọ fíofío, ó gba iwájú imú Wandy kọjá. Wandy ṣubú lulẹ̀ sínú ẹrẹ̀, akoro ẹ̀ yí lọ. Gbogbo èrò fò sókè, wọ́n ń pàtẹ́wọ́. "Bẹ́ẹ̀ ni! Fún un! Yeuri ọkùnrin!" Nilson ń fi ọwọ́ kan tó kù gbá bẹ́ńṣì. "Orí ni! Orí ẹ̀ ni kó bá!"

Leonte rẹ́rìn-ín nínú òkùnkùn. "Ó ti ń mọ̀ ọ́n! Ó kàn ga jù ni."

Chebo ò rẹ́rìn-ín. Yeuri ló ń wò. Ọmọ yẹn ò wo Wandy, kò wo èrò. Ó la ọwọ́ ọ̀tún ẹ̀ síwájú, ó ń wo ìka ẹ̀. Kò fẹ́ ju bọ́ọ̀lù yẹn síbẹ̀. Inú gbogbo ayé ń dùn sí nǹkan tó yẹ kó máa bà wọ́n lẹ́rù.

"Rẹfirí!" Ohùn Chebo ya gààrà. Ó dúró sí etí bẹ́ńṣì gan-an, ọmọ ìka ẹsẹ̀ ẹ̀ ò kọjá ìlà. "Rẹfirí! Ẹ fún ọmọ yìí ní bọ́ọ̀lù gbígbẹ! Ẹ fún tiwọn náà! Gbogbo bọ́ọ̀lù tó wà níbí ló ti rẹ látàárọ̀, ọwọ́ ẹnikẹ́ni ò mú un! Àtèyí tó bá Nilson!"

Gbogbo bẹ́ńṣì yíjú sí i. Kò sẹ́ni tó ń sọ irú ẹ̀ síta. Ẹni tó bá sọ ọ́ ti dárí ji àwọn ará Moca lórúkọ gbogbo èèyàn, láìbi wọ́n.

"O ti ya wèrè," Leonte ní. Ó ti rọra ń sọ̀rọ̀ báyìí, èyí tó burú ju igbe lọ. "Jáde lọ gba bọ́ọ̀lù yẹn. Pe Brito. Tí o ò bá jáde, má wá lọ́la. Bátìrì wà níbẹ̀, kò tíì tán."

"Òun náà ló máa jù ú nínú òjò yìí? Ọwọ́ Brito kì í rẹ ni?"

"Jáde, mo ní!"

Chebo wo ìlà funfun. Òjò ti ń pa á rẹ́ níbì kan. Ó wá kẹ̀yìn sí i, ó lọ sídìí tẹlifóònù tó wà lára ògiri, èyí tí wọ́n fi ń pe àwọn tó ń gbóná ara. Leonte mí kanlẹ̀, ó rò pé ó ti parí nìyẹn. Nilson náà ní, "Ẹ ṣeun, ọjàre."

"Brito," Chebo ní.

"Mo ti múra, Kóòṣì. Kí n máa bọ̀?"

"Jókòó."

"Ta ló ní kí n jókòó?"

"Èmi ni."

"Kí ni Leonte wí?"

"Leonte ò sí nídìí eré, wọ́n ti lé e. Èmi Eusebio Villamán, tẹ́ ẹ ń pè ní Chebo, ni mò ń bá ẹ sọ̀rọ̀. Mo ní jókòó, kí n tó wá fi ìkúùkù mú ẹ jókòó!"

Lẹ́yìn ẹ̀, Leonte ń pe orúkọ ẹ̀, ó ń pè é, ó sì ti gbàgbé pé ó yẹ kóun máa lúgọ. Rẹfirí ti ń wo ọ̀dọ̀ wọn.

"Kóòṣì," Brito ní, "ẹ mọ̀ pé wọ́n máa lé yín?"

"Mo mọ̀."

"Ó dáa. Mo ti jókòó."