Ẹja Tó Wọ Aṣọ Ìyàwó

"Ẹ rọra sọ̀rọ̀ o," Kaberi wí, ó sì fi etí sari rẹ̀, aṣọ gígùn tó wé mọ́ra, bo imú. "Àwọn àna wà ní pálọ̀."

Àgbàlá ẹ̀yìn ilé ni wọ́n wà, òun tó jẹ́ ìyá ìyàwó àti Ìyá Basanti, aládùúgbò tó ń bójú tó ètò àwọn obìnrin. Àwọn méjèèjì tẹ orí ba àtẹ kan. Ẹja ló wà lórí àtẹ náà, ẹja rui oníkílò méje tí ilé ọkọ gbé wá láti Nabadwip sí Katwa ní òwúrọ̀ ọjọ́ ìgbéyàwó, bí àṣà ti wí. Wọ́n ti wọ sari pupa kékeré fún un, wọ́n fi òrùka sí i nímú, wọ́n kun ètè rẹ̀, wọ́n sì fi òdòdó funfun tí wọ́n sín sówùú yí i lọ́rùn lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹni tó bá rí i lókèèrè á fẹ́ẹ̀ kí i kú oríire. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá sún mọ́ ọn á tètè sún sẹ́yìn, torí pé òórùn tó ń jáde lára rẹ̀ kì í ṣe òórùn ìdùnnú.

"Láti orí ni ẹja ti ń jẹrà," Ìyá Basanti wí. "Ẹ sáà wo ojú ẹ̀. Ó ti funfun bí ojú tèmi kó tó di pé dókítà ṣe é."

Lẹ́bàá ẹ̀rọ omi, ní ìkángun àgbàlá, Minoti dúró, ó ń gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n bàbá ìyàwó ni. Píṣì ni ìyàwó ń pè é, bí wọ́n ṣe ń pe arábìnrin bàbá ẹni níbẹ̀. Sari funfun ló wọ̀, torí pé ọdún kọkàndínlógún rèé tí ọkọ rẹ̀ ti kú, opó kì í sì í fọwọ́ kan nǹkan ìyàwó lọ́jọ́ bí èyí. Kò sẹ́ni tó ní kó lọ dúró sídìí ẹ̀rọ. Òun fúnra rẹ̀ ló mọ àyè ara rẹ̀, ó sì ti mọ̀ ọ́n tipẹ́ débi pé kò dùn ún mọ́, tàbí pé ó ti gbàgbé pé ó ń dun òun.

Ẹja ni ọkọ rẹ̀, Haran, ń tà létí odò. Ọdún mọ́kànlá ni Minoti fi jókòó tì í lórí pákó, tó ń ṣa ẹja, tó ń yẹ ẹja wò. Nígbà tí àìsàn dá Haran dùbúlẹ̀, ó ní, "Minoti, má ṣe tìtorí mi fi ẹja sílẹ̀ o." Kò tíì pé ọ̀sẹ̀ kan tó kú tí ìyá ọkọ rẹ̀ fi gba àwo ẹja lọ́wọ́ rẹ̀. Láti ọjọ́ náà, ẹja ò kan ẹnu rẹ̀ mọ́, torí pé opó kì í jẹ ẹja níbẹ̀.

Ṣùgbọ́n imú rẹ̀ kò ṣe opó. Atẹ́gùn fẹ́ òórùn náà dé ìdí ẹ̀rọ, Minoti fa imú, ó sì dijú. Ó mọ òórùn ẹja tó bàjẹ́. Èyí ń rùn lóòótọ́, àmọ́ kò rùn bí ẹja. Kí wá ni?

Ibẹ̀ ló wà tí Prabhat, àbúrò rẹ̀, bàbá ìyàwó, fi já wọ àgbàlá. Kò tíì jẹun láti àná, torí pé bàbá tó máa fa ọmọ rẹ̀ fọ́kọ lálẹ́ gbọ́dọ̀ gbààwẹ̀, àti pé nígbà tó yó gan-an kì í pẹ́ bínú.

"Ẹja tó ti jẹrà!" ó wí. "Ọmọ mi ni wọ́n gbé ẹja tó ti jẹrà wá fún! Mo ń lọ bá Noni ní pálọ̀. Kó gbé ẹja wọn, kó sì sọ fún ọmọ wọn pé kó jókòó sí Nabadwip."

Noni ni àbúrò ìyá ọkọ, òun ló gbé ẹja wá. Ó ti ní òun ò kúrò níbẹ̀ láìjẹ́ pé òun jẹ nínú orí ẹja náà, òun á sì fóònù ẹ̀gbọ́n òun láti sọ bó ṣe dùn tó.

Kaberi dì í mú lápá. "Bàbá Jhinuk, ẹ jọ̀ọ́! Ẹni tó bá dá ẹja ìyàwó padà, ó ti dá ìgbéyàwó padà nìyẹn."

"Ṣé ká wá sè é? Ká fi gbé ọgọ́ta èèyàn dùbúlẹ̀? Ká máa ti ibi ìyàwó lọ sí ọsibítù?"

"Ká ra òmíràn ńkọ́?"

"Èyí tí Noni ti ya fọ́tò ẹ̀ ní igba? Á mọ̀."

Ìyá Basanti mi orí, ó ní ojú òun ti rí ìgbéyàwó tó tú ká nítorí ohun tó kéré sí ẹja.

"Ta ló yẹ̀ ẹ́ wò?"

Jhinuk, ìyàwó fúnra rẹ̀, ló bi wọ́n. Ó ti jáde láti yàrá, ó tú irun sílẹ̀, ó ń dúró de àtalẹ̀ pupa, èyí tó ń sọ ara di yẹ́lò, tí wọ́n máa fi pa á lára. Ó ti gbọ́ gbogbo rẹ̀ lójú fèrèsé. Ojú rẹ̀ pọ́n. Ọmọ náà fẹ́ràn Shoumo, ọkọ tó fẹ́ fẹ́ yìí, ọdún mẹ́rin ni wọ́n sì fi bẹ àwọn òbí kí wọ́n tó gbà.

"Ojú rí i, imú gbọ́ ọ," ni Ìyá Basanti fèsì. "Kí ló tún kù?"

"Píṣì ló kù."

Kaberi wo ilẹ̀.

"Ọmọ mi, ti òní kọ́ o," Ìyá Basanti wí. "Minoti mọ ẹja, a ò jiyàn. Ṣùgbọ́n opó kì í fọwọ́ kan ẹja ìyàwó."

"Ẹja tó dáa ni wọ́n ní opó ò gbọdọ̀ kàn, Ìyá. Èyí tẹ́ ẹ ní ó ti bàjẹ́ ńkọ́? Ṣé ó tún ku ohun tí opó máa bà jẹ́ níbẹ̀ ni?"

Jhinuk rìn lọ sídìí ẹ̀rọ, ó di ọwọ́ Minoti mú.

"Fi mí sílẹ̀," Minoti sọ wúyẹ́wúyẹ́. "Bí orí bá fọ́ ọkọ ẹ lọ́dún tó ń bọ̀, wọ́n á ní èmi ni."

"Bí ẹ ò bá wá, mi ò ní ní ọkọ tórí ẹ̀ máa fọ́. Píṣì, ẹ jọ̀ọ́."

Ẹ̀rù ń ba Minoti gidigidi. Bó bá ní ẹja dáa, tí inú sì run ẹnì kan ṣoṣo lára àlejò, ọwọ́ opó ni. Bó bá ní ó bàjẹ́, ìgbéyàwó tú, ẹnu opó ni. Bó bá sì dákẹ́ ńkọ́? Ẹ̀yìn òun ni ọmọ yìí ti kọ́ oorun sùn. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Ó tẹ ẹ̀rọ omi, ó fọ ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì, ó sì lọ kúnlẹ̀ síwájú ẹja.

Ó kọ́kọ́ tú òdòdó ọrùn ẹja náà, ó kó o fún Jhinuk. Ó ká sari pupa náà sókè, ó tẹ àtàǹpàkò mọ́ ẹ̀gbẹ́ ẹja, ó sì gbé ìka kúrò. Ibi tó tẹ̀ wú padà lójú ẹsẹ̀. Ó tẹ ikùn rẹ̀, ikùn le. Ó fi èékánná wa ìpẹ́ kan, ìpẹ́ náà di ara mú, kò gbà.

"Ojú ńkọ́?" Ìyá Basanti bi í.

"Yìnyín ló fọ́ ọ. Ẹ̀gbẹ́ yìí ni wọ́n gbé lé yìnyín lálẹ́ àná. Prabhat, bá mi yí i padà."

Prabhat yí i. Ojú kejì yọ síta, ó dúdú, ó ń dán bí ìlẹ̀kẹ̀ tó bọ́ sómi. Kaberi mí kanlẹ̀. Prabhat kò tíì gbà.

"Àwọn ẹlẹ́ja máa ń kun abẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́ ẹ̀, Ẹ̀gbọ́n. Ẹ yẹ ibẹ̀ wò."

Minoti ṣí ẹ̀rẹ̀kẹ́ ẹja. Ibi tó fi ń mí nínú omi pupa fòò, ó pupa jù. Ó ti rí irú ẹ̀ lọ́jà rí, èyí tí wọ́n fi aró kùn tí ń tan ẹni tí kò mọ̀. Ọ̀nà kan ṣoṣo ni Haran fi ń mọ ìyàtọ̀.

"Ẹ fún mi ní aṣọ funfun."

Kaberi wo òkè, ó wo ilẹ̀. Níbo ni wọ́n ti fẹ́ rí aṣọ funfun nílé ìyàwó? Pupa ni wọ́n ta sẹ́nu ọ̀nà, pupa ni gbogbo obìnrin wọ̀, yẹ́lò ni ti ìyàwó, wọ́n sì ti kó gbogbo aṣọ funfun pamọ́ láti ìjẹta kí ojú má baà rí i. Minoti wo ara rẹ̀. Ó fa etí sari rẹ̀ jáde, ó rì í sómi, ó kì í bọ abẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́ ẹja náà, ó sì nù ún kíkankíkan.

Bó ṣe ń fa aṣọ náà jáde, ó di ojú. Jhinuk ló kọ́kọ́ wò ó.

"Kò pọ́n," ó wí. "Píṣì, kò pọ́n!"

Lóòótọ́ ni. Aṣọ náà tutù, ó ń yọ̀, ẹ̀jẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́ kan bí òwú ló wà lára rẹ̀. Aró kò sí níbẹ̀.

"Ẹja àárọ̀ àná ni," Minoti wí. "Kò sí nǹkan kan tó ṣe é."

"Òórùn yẹn wá ńkọ́?" Kaberi bi í.

Minoti na ìka sí òdòdó. "Jhinuk, gbóòórùn ohun tó wà lọ́wọ́ ẹ."

Jhinuk gbé òdòdó náà sí imú, ó kígbe, ó sì jù ú nù. Láti ìjẹta ni wọ́n ti dì í sínú ọ̀rá pẹ̀lú omi, òwú tí wọ́n fi sín in ti jẹrà, ibi tí gbogbo wọn sì ń gbé imú sí gan-an ni wọ́n so ó mọ́.

"Òdòdó ló jẹrà," Minoti wí. "Ẹja ẹlẹ́ja ni ẹ ń bú láti àárọ̀."

Kaberi bú sẹ́rìn-ín, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń nu omijé. Prabhat jókòó sórí àtẹ̀gùn, ó di orí mú. "Mo ti fẹ́ẹ̀ débẹ̀ o," ó ń wí. "Ìṣísẹ̀ mẹ́ta ló kù kí n dé ọ̀dọ̀ Noni."

"Ṣebí mo sọ pé òórùn yẹn kò jọ ti ẹja," ni Ìyá Basanti wí.

"Ìgbà wo lẹ sọ ọ́?" Kaberi bi í.

"Inú mi ni mo ti sọ ọ́."

Ohùn Noni dún láti pálọ̀. "Ẹja ìyàwó dà o? Àbí ẹ fẹ́ kí ebi pa ará Nabadwip sílé yín?"

Ìyá Basanti fúnra rẹ̀ ló fẹsẹ̀ ti ọ̀bẹ tí wọ́n fi ń la ẹja sọ́dọ̀ Minoti. "Ẹni tó bá ti kàn án ti kàn án," ó kùn. "Là á, jàre." Minoti là á. Ọwọ́ rẹ̀ kò gbàgbé. Nígbà tí ẹja fi ń dín nínú òróró, wọ́n ti fọn ìkarahun, wọ́n ti hó ìhó ayọ̀, wọ́n ti fi àtalẹ̀ pupa kun ojú Jhinuk. Noni jẹ orí ẹja tán, ó lá ọwọ́, ó sì fóònù ẹ̀gbọ́n rẹ̀ létí gbogbo ilé pé irú ẹja báyìí, òun ò jẹ ẹ́ rí.

Ìdí ẹ̀rọ omi ni Minoti padà sí, ó ń fọ etí aṣọ rẹ̀, ara sì tù ú dé eegun. Ibẹ̀ ni Jhinuk bá a. Ojú rẹ̀ yẹ́lò láti iwájú orí dé àgbọ̀n. Ó mú abọ́ kan dání, ìrẹsì wà nínú ẹ̀, ikùn ẹja wà lórí ìrẹsì.

"Ẹ jẹ ẹ́, Píṣì."

"O mọ̀ pé mi ò kí ń jẹ ẹja."

"Mo mọ̀. Ìpín tèmi ni. Wọ́n ní mi ò gbọdọ̀ jẹun títí di alẹ́. Ta ni ẹ fẹ́ kí n fún?"

Minoti wo Ìyá Basanti. Ìyá Basanti yí ojú sí ògiri, ó ń wá nǹkan tí kò sọ nù. Minoti gba abọ́. Ó fi ìka yọ egungun lọ́kọ̀ọ̀kan, ó bu òkèlè, ó fi sẹ́nu, ó rọra jẹ ẹ́. Omi lé sí i lójú.

"Báwo ni?" Jhinuk bi í.

"Iyọ̀ ẹ̀ kù díẹ̀," Minoti wí, ó sì tún bu òmíràn.