Kòtò Tí Bùrọ̀dá Mi Gbẹ́

Ẹrù kún yàrá Bùrọ̀dá mi tó ń tún firíìjì ṣe débi pé aáyán gan-an á ní "ẹ jọ̀ọ́, ẹ yà fún mi" kó tó ráàyè kọjá. Àfi bó ṣe kó gbogbo rẹ̀ wá fún mi lọ́jọ́ kan: firíìjì méjì, kọ́bọ́ọ̀dù tó ga ju onílé lọ, títí dórí tépù tó fi ń wọn nǹkan. Ó ní òun ń lọ sórí ilẹ̀ kan lẹ́yìn ìlú, ohun tí òun bá gbìn ni òun á máa jẹ.

"Àbúrò, ó tó gẹ́ẹ́. Mo fẹ́ lọ sinmi."

Èmi aláwàdà, mo ní kó bá mi kí àwọn ará ibẹ̀, bí ẹni ń rán òkú níṣẹ́. Ó rẹ́rìn-ín, ó lọ.

Ìyá wa ò rẹ́rìn-ín ní tiẹ̀. Ó fìdí jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀.

"Ẹni tó ń kó kúrò nílé, ẹrù ló máa ń dì. Ẹni tó wá ń pín ẹrù, ibo ló ń lọ?"

Ní ọjọ́ kẹta, mo wá Bùrọ̀dá lọ sórí ilẹ̀ rẹ̀. Ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀ gbayawu: ẹní kan, ìkòkò kan. Mo pè é títí, ẹyẹ nìkan ló dáhùn. Mo yí sẹ́yìnkùlé, mo bá kòtò tóóró kan, iyẹ̀pẹ̀ tútù lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Télọ̀ ni mí, èmi ni mo ń rán aṣọ rẹ̀. Mo fa tépù ọrùn mi yọ, mo wọ̀n ọ́n. Gígùn Bùrọ̀dá ni, ó fi díẹ̀ lé. Àwàdà gbẹ mọ́ mi lẹ́nu.

"Kí lo ń wọ̀n?"

Òun ló dúró lẹ́yìn mi, tòun ti ọkọ́, erùpẹ̀ bò ó dé eyín.

"Bùrọ̀dá, ta lẹ gbẹ́ ẹ fún?"

"Òjò ni. Omi orí páànù á máa dà síbẹ̀, n ò ní tọrọ omi lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni."

"Kí ló wá dé tó fi gùn tó yín?"

"Ṣebí tépù mi wà lọ́wọ́ ẹ. Mo dùbúlẹ̀, mo fi ara mi wọ̀n ọ́n."

Mo rẹ́rìn-ín débi pé ìfun mi fẹ́rẹ̀ẹ́ gba imú jáde. Ó bu omi fún mi mu, ó wá bẹ̀ mí pé kí n má dá ìkankan padà nínú ẹrù náà.

Mo délé, ilẹ̀kùn ò ṣí tán. Kọ́bọ́ọ̀dù ló dí i. Ẹ̀gbẹ́ ni mo fi wọlé bí akàn. Àlàfo kan ṣoṣo ló kù nílẹ̀ láàárín àwọn firíìjì méjèèjì, wọ́n ń kùn bí ẹni ń kẹ́dùn. Mo na tépù síbẹ̀. Ó há ju kòtò Bùrọ̀dá lọ.

Mo dùbúlẹ̀ wò.

Ó bá mi mu gẹ́ẹ́.