Ìgbìmọ̀ Tó Ń Wá Ibi Tí Àpáta Ti Wá

Mo lá àlá kan lánàá, lójú oorun ọ̀sán, ẹ bá mi gbọ́ ọ. Mo bá ara mi nílé, ní ìlú wa tí mo ti kúrò láti ìgbà tí irun orí mi ṣì dúdú. Ẹ̀ẹ̀rùn ni. Àwọn obìnrin ti sá èlùbọ́ sórí àpáta ẹ̀yìn ilé wa, iṣu bíbọ̀ funfun lọ súà, agboolé kọ̀ọ̀kan ní ìhà tirẹ̀, bó ṣe wà kí wọ́n tó bí wa. Ọ́fíìsì ìjọba kan sì léfòó lójú òfurufú lókè àpáta náà, pẹ̀lú tábìlì, fáànù àti mègádì tó ń sùn. Kò yà mí lẹ́nu. Ìgbà wo ni ẹsẹ̀ wọn kan ilẹ̀ rí?

Mo gun àkàsọ̀ wọlé. Ìgbìmọ̀ ló jókòó. Wọ́n ń wá ibi tí orúkọ náà, “àpáta,” ti ṣẹ̀ wá. Alága wọn, Ọ̀gbẹ́ni Ọlágùnsóyè, ní bí oòrùn bá wọ̀ tí àwọn kò rí i, àwọn yóò yọ ọ̀rọ̀ náà kúrò nínú èdè Yorùbá. Òkúta tí kò bá sì lórúkọ mọ́, ti ìjọba ni. Wọ́n á fọ́ ọ, wọ́n á fi ṣe títì dé ẹnu ọ̀nà ilé Alága.

Dókítà kan tó wọ kóòtù mẹ́ta léra dìde. “Àwọn alápatà ló ń pa ẹran lórí rẹ̀. Ibẹ̀ ló ti wá.”

“Irọ́ ńlá!” ni ẹnìkejì rẹ̀ wí. “Ọkọ̀ ojú omi ló bá wá. Èmi gan-an bá a pàdé ní Lọ́ńdọ̀nù, ó dé fìlà.”

Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un.

Àpáta fúnra rẹ̀ wúkọ́ nísàlẹ̀. “Ẹ ò ṣe bi mí? Ẹni tó kọ́kọ́ pè mí lórúkọ, ọ̀sán gangan ló gùn mí, kò sì wọ bàtà. Bí mo ṣe ń jó o lẹ́sẹ̀ tó ń fò sókè ló ń pè mí: ‘À! Pá! Ta!’”

“Ṣé o ní ẹlẹ́rìí?” ni Alága bi í.

“Àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ ni.”

“Àtẹ́lẹsẹ̀ kì í ṣe ọ̀mọ̀wé. Jókòó!”

Àpáta ní òun kò tíì dìde rí.

Ibẹ̀ ni mo ti gbọ́ ohùn ìyá mi, Àwẹ̀ró, tó ti kú tipẹ́. “Ta ló gbé ilé dí oòrùn lójú èlùbọ́ mi? Ẹ ò rí i pé ó ti ń bu? Kí ni ọmọ mi máa jẹ bó bá dé?”

Mo fẹ́ sọ pé mo ti dé, ṣùgbọ́n Alága ń lu tábìlì. “Màmá, ẹ ní sùúrù! Iṣẹ́ ọpọlọ là ń ṣe.”

“Ọpọlọ wo? Ẹ sún un kúrò! Àgbààyà! Ẹnu yín ò kúkú lè sọ pé ẹ ò mọ̀.”

Alága la ẹnu kó fèsì, “mẹ̀ẹ́ẹ̀” ló jáde. Kí n tó ṣẹ́jú, gbogbo ìgbìmọ̀ ti di ewúrẹ́, táì ṣì wà lọ́rùn wọn. Wọ́n bẹ́ sórí àpáta, wọ́n dojú kọ èlùbọ́. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo rí tí wọ́n fi gbogbo ara ṣe. Ìyá mi já ẹ̀ka igi, ó lé wọn. Dókítà ló kẹ́yìn; ó ń jẹ, ó ń ṣàlàyé.

Mo sáré sọ̀ kalẹ̀. Ọ́fíìsì kò ní nǹkan tó wúwo nínú mọ́, bó bá tiẹ̀ ní i tẹ́lẹ̀. Ọyẹ́ gbé e lọ bí ìyẹ́ adìyẹ. Oòrùn padà sórí èlùbọ́.

“Kí ni wọ́n tiẹ̀ ń wá?” ni ìyá mi bi mí.

“Ibi tí àpáta ti wá ni, Ìyá.”

Ó pòṣé. “Níbo ló lọ, tí wọ́n fi ń béèrè ibi tó ti wá? Ẹ̀yin lẹ lọ.”

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í yí èlùbọ́ rẹ̀ padà. Mo na ọwọ́ sí ẹyọ kan, ó gbá ọwọ́ mi kúrò. Ó ní ọmọ òun lòun ń sá a dè.

Ohùn ìyàwó mi ló jí mi. Orí àga ni mo wà, mo fẹ̀yìn ti ẹ̀rọ tó ń mú ilé gbóná, yìnyín ń bọ́ níta. Aṣọ tútù kún ọwọ́ rẹ̀.

“Bàbá Ṣọlá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ sún. Ẹ ti dí ooru, aṣọ ò lè gbẹ.”

Mo sún.