Aago Márùn-ún Lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ògiri

Oṣù méje gbáko ni èmi àti ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin kò fi bá ara wa sọ̀rọ̀, àmọ́ bí a bá yọ ọjọ́ mẹ́ta kúrò, kò sí ọjọ́ kan nínú oṣù méje náà tí a kò jọ wa mọ́tò.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé kí ẹ tó sọ pé orí mi ti dàrú. Ilé tí bàbá wa fi sílẹ̀ ni a pín sí méjì. Ẹ̀gbọ́n mi ń gbé apá ọ̀tún, èmi ń gbé apá òsì, kálukú ní ẹnu ọ̀nà tirẹ̀, ògiri kan ṣoṣo ló sì wà láàárín pálọ̀ rẹ̀ àti pálọ̀ mi. Ògiri ọ̀hún kò nípọn. Bí ó bá sín, ńṣe ni mo máa ń gbé "ẹ pẹ̀lẹ́" mì.

Nígbà tí ọmọbìnrin mi àti ọmọkùnrin tirẹ̀ dàgbà tí wọ́n kó lọ, wọ́n fi ẹ̀rọ géèmù méjì sílẹ̀ fún wa, irú èyí tó mọ níwọ̀n àtẹ́lẹwọ́ tí à ń ṣí bí ìwé. Wọ́n ti pẹ́. Tèmi pupa, sẹ̀lótéèpù ni mo fi so ó pọ̀ níbi tó ti ń ṣẹ́. Tirẹ̀ dúdú, bọ́tìnì kan lára rẹ̀ sì ti rì wọlé. Géèmù kan ṣoṣo ni a mọ̀ ọ́n ta níbẹ̀, eré ìje mọ́tò. Àwọn ẹ̀rọ náà lè rí ara wọn láìsí wáyà bí wọ́n bá ti súnmọ́ra, ògiri kò sì dí wọn lọ́wọ́. Ní aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́, kálukú á jókòó ti ògiri lápá tirẹ̀, a ó sì sáré ìje mẹ́ta. Bí a ti ń ṣe é nígbà tí a ń bá ara wa rẹ́rìn-ín náà ni a ń ṣe é nígbà tí a ń bá ara wa jà.

Ohun tó fa ìjà yẹn kò tó nǹkan, bẹ́ẹ̀ ó tó nǹkan. Ẹ̀gbọ́n mi fi ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n wa bọ́ọ̀sì, kò sì fi bọ́ọ̀sì ha ẹnikẹ́ni lára rí. Bó ṣe ń wa bọ́ọ̀sì náà ló ṣe ń ta géèmù. Bó bá dé kọ́nà, á tẹ bíréèkì bí ẹni pé èrò mẹ́tàdínláàádọ́ta ló jókòó sẹ́yìn rẹ̀ nínú ẹ̀rọ kékeré yẹn. Èmi kò gbé èrò kankan, mo máa ń já kọ́nà ni. Lọ́jọ́ tí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ níbi iṣẹ́ wá kí i, mo gbé omi wọlé fún wọn, ẹnu sì yún mi.

Mo ní, "Ẹ̀yin ará, ṣé ẹ mọ̀ pé ìgbà mọ́kànlá léraléra ni mo ti fi ẹ̀yìn ọ̀gá díráfà yín gbolẹ̀? Wọ́n ń wakọ̀ bí ẹni ń wá abẹ́rẹ́ nílẹ̀!"

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí. Ẹ̀gbọ́n mi kò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ó sàn ju ẹni tó fi ogún ọdún ta búrẹ́dì tó ń kán àwọn èèyàn léyín."

Búrẹ́dì mi! Èmi tí mo máa ń po ìyẹ̀fun kí àkùkọ tó kọ. Mo sọ tèmi, ó sọ tirẹ̀, ó wá na ìka sí mi pé kí n má fẹsẹ̀ kan ẹnu ọ̀nà òun mọ́. Mo ní kò burú. Bí mo ṣe délé, mo yí páásíwọ́ọ̀dù wáífáì mi padà, torí pé tèmi ni òun náà ń lò. Inú ń bí mi gan-an nígbà tí mo ń yan ọ̀rọ̀ tuntun tí mo fi síbẹ̀.

Ọmọbìnrin mi wá kí mi lọ́jọ́ Sọ́ńdè kan. Bí mo ti ń fọ abọ́ lọ́wọ́, ó mú ẹ̀rọ mi, ó tẹ̀ ẹ́ síhìn-ín, ó tẹ̀ ẹ́ sọ́hùn-ún. Ó ní, "Mọ́mì, àwọn tó ṣe géèmù yìí ti gbé àpúdéètì tó kẹ́yìn jáde. Mo ti bá yín gbà á. Géèmù yín ti di tuntun, mọ́tò mẹ́rin ló bá a wá."

Mo ní, "O ṣeun, ọmọ mi." Mi ò mọ̀ pé ọ̀ràn ni mo ń dúpẹ́ lé lórí.

Lọ́jọ́ Mọ́ńdè, aago márùn-ún, mo jókòó ti ògiri. Mo gbọ́ orin géèmù tirẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀. Mo ní kí ẹ̀rọ mi wá ẹnìkejì. Ó wá a títí, ó wá kọ ọ́ sójú pé géèmù ẹnìkejì kò bá tèmi mu mọ́, a kò lè jọ sáré. Mo pa á, mo tún un tàn. Bákan náà ni. Lódìkejì ògiri, orin náà dákẹ́, ó tún bẹ̀rẹ̀, ó tún dákẹ́. Ìgbà mẹ́fà ló ṣe bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn náà mo gbọ́ tí àga rẹ̀ ké, ó ti dìde.

Lọ́jọ́ Túsìdeè, ó dán an wò lẹ́ẹ̀mejì. Lọ́jọ́ Wẹ́sìdeè, ẹ̀ẹ̀kan péré. Lọ́jọ́ Tọ́sìdeè, mi ò gbọ́ orin kankan rárá. Ohùn rẹ̀ ni mo gbọ́, lẹ́bàá ògiri gan-an, ó ń bá ọmọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ lórí fóònù.

"Ọmọ mi, mo ti rò ó. Wá gbé mi lọ sọ́dọ̀ rẹ ní Sátidé. Bẹ́ẹ̀ ni. Ẹni tí mo tìtorí rẹ̀ jókòó síbí, kò wá mi mọ́."

Ó ti pé ọdún méjì tí ọmọ yẹn ti ń bẹ̀ ẹ́ pé kó wá máa gbé lọ́dọ̀ òun, ìrìn odindi ọjọ́ kan sì ni ibẹ̀. Ohun tó máa ń dáhùn ni pé òun kò lè fi Kékeré sílẹ̀. Èmi ni Kékeré. Ẹni ọdún méjìlélọ́gọ́ta ni mí. Mo jókòó síbẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀rọ lọ́wọ́, ẹ̀rù sì bà mí pé n ó wá máa dá gbé nínú ìdajì ilé, tí kò ní sí ẹni tí yóò sín lódìkejì.

Mo pe ọmọbìnrin mi. Mo ní kó wá yọ ohun tó fi sínú géèmù mi, kíákíá.

"Mọ́mì, kì í ṣe tiyín ló níṣòro, ti Bọ̀dá yín ni. Kí àwọn náà gba àpúdéètì, ó parí."

"Báwo ni wọ́n ṣe máa gbà á? Wọn ò ní wáífáì."

"Ṣebí tiyín ni wọ́n ń lò?"

Mo rẹ ohùn mi sílẹ̀. "Mo ti yí páásíwọ́ọ̀dù rẹ̀ padà."

"Mọ́mì! Ẹ dìde, ẹ lọ kan ilẹ̀kùn wọn."

"Wọ́n ní kí n má fẹsẹ̀ kan ẹnu ọ̀nà àwọn."

"Bí a bá ń jà, bíi ká kú kọ́ o," ni ọmọ tí mo bí wí fún mi, ó sì pa fóònù.

Mo wo ògiri. Ògiri kì í ṣe ẹnu ọ̀nà. Mo gbé ẹnu sún mọ́ ọn, mo ké: "Bọ̀dá! Ẹ ki ṣájà bọ ẹ̀rọ géèmù yín!"

Rédíò rẹ̀ ń sọ̀rọ̀ lọ ní tirẹ̀. Mo tún ké. Ohùn rédíò náà rọlẹ̀. Kò dáhùn, àmọ́ ẹni tí kò fẹ́ gbọ́ kì í yí rédíò sílẹ̀.

"Géèmù yín ló ti gbó, Bọ̀dá! Tèmi ti di tuntun, òun ni wọn ò ṣe rí ara wọn mọ́! Ẹ máa ṣe bí mo bá ṣe wí! Bí ẹ bá ti ṣe é tán, ẹ kan ògiri!"

Ó tó ìṣẹ́jú kan. Gbì. Ẹ ò rí i, kò ní fi ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ṣòfò lé mi lórí.

"Ẹ tẹ ibi tí wọ́n ya irinṣẹ́ sí!" Gbì. "Ẹ tẹ ibi tí wọ́n kọ íńtánẹ́ẹ̀tì sí!" Gbì. "Ẹ rí wáífáì mi níbẹ̀?" Gbì. "Ó ń béèrè páásíwọ́ọ̀dù, àbí?" Gbì.

Òógùn bò mí. Ǹ bá sáré yí i padà, àmọ́ ọjọ́ tí inú bí mi ni mo mọ̀ ọ́n yí, ọjọ́ tí inú kò bí mi, mi ò rántí ibi tí wọ́n ti ń ṣe é. Mo ní kí n pè é ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, kí n sì yára, bóyá kò ní kà á pọ̀.

"Dí!" Gbì. "Í!" Gbì. "Rí!" Gbì. "Á! Fí! Á!" Gbì, gbì, gbì. "Bí!" Gbì. "Ú!" Gbì. "Rí!"

Kò kan nǹkan kan.

"Rí ni mo wí, Bọ̀dá. Ó ku Ú, Kí, Ú."



"Kékeré." Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tó sọ sí mi láti oṣù méje nìyẹn. "Ṣé 'díráfà burúkú' ni?"

"Inú ló ń bí mi nígbà yẹn."

"Ta ló tún mọ̀ ọ́n?"

"Kò sí ẹnì kankan. Àfi ọmọ mi. Àti aránṣọ iwájú ilé. Àti ẹni tó wá tún ẹ̀rọ amómitutù ṣe."

Mo gbọ́ ohun kan tí mo kọ́kọ́ rò pé ikọ́ ni. Ẹ̀rín ni. Ẹ̀gbọ́n mi ń rẹ́rìn-ín, ó ń lu ògiri, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan fún lẹ́tà kan mọ́. Èmi náà bú sẹ́rìn-ín títí mo fi jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Nígbà tó rọlẹ̀, ó tẹ èyí tó kù, ó sì ní ó ti wọlé.

Àpúdéètì ọ̀hún kò yá. Ẹ̀gbọ́n mi ń ka iye tó ti dé fún mi bí ẹni ń ka òpó ojú ọ̀nà: ìdá mẹ́ta nínú ọgọ́rùn-ún, ìdá méje. Mo ní ó máa pẹ́. Ó ní kí n jókòó. A jókòó, kálukú fẹ̀yìn ti ògiri.

Nígbà tó di ìdá ogún, mo ní, "Kò yẹ kí n sọ̀rọ̀ yẹn níwájú àwọn ọ̀rẹ́ yín. Ẹ má bínú, Bọ̀dá."

"Kò yẹ," ó ní. "Búrẹ́dì rẹ kò sì le."

"Ó máa ń le díẹ̀ tó bá di ọjọ́ kejì."

"Ó máa ń le díẹ̀," ó gbà bẹ́ẹ̀.

Nígbà tó kọjá ìdá ogójì, ó ní, "Mo rò pé o ti ti ibẹ̀ náà mọ́ mi ni."

"Ibo?"

"Inú géèmù. Ṣebí o ti ti wáífáì mọ́ mi tẹ́lẹ̀. Mi ò rí lẹ́tà wẹ́wẹ́ tó kọ sójú kà, mo kàn rí i pé kò jẹ́ kí n wọlé. Mo ní, ọ̀rọ̀ mi ti sú Kékeré nìyẹn."

Mi ò ní purọ́, omi bọ́ lójú mi. Mo ní, "Ọ̀rọ̀ yín kò lè sú mi láéláé." Mo sọ ọ́ sókè, kó má baà ṣì mí gbọ́. Lẹ́yìn náà ni mo bi í bóyá ó ṣì máa lọ ní Sátidé.

Ó pẹ́ kí n tó tún gbóhùn rẹ̀. "Ìdá mẹ́tàdínlọ́gọ́rùn-ún," ó ní. "Máa múra."

A sáré ìje mẹ́ta lọ́jọ́ náà. Mo nà án ní méjì, ó nà mí ní ọ̀kan. Lọ́jọ́ Fúráídeè a tún sáré, a sì jọ sọ̀rọ̀ nípa òjò, nípa orúnkún rẹ̀, nípa àwọn mọ́tò tuntun mẹ́rin, àmọ́ kò sọ nǹkan kan nípa Sátidé. Mi ò láyà láti tún bi í. Ohun kan ṣoṣo tí mo fi ń tu ara mi nínú ni pé, ó kéré tán, èmi àbúrò ni mo kọ́kọ́ la ẹnu, òun àgbà ni kò lè là á. Mo ti ń ro bí n ó ṣe fi ìyẹn dá a lóró.

Sátidé dé. Láti àárọ̀ ni mo ti wà lójú fèrèsé. Gbogbo mọ́tò tó kọjá ló ń gbé ọkàn mi lọ. Aago mẹ́wàá, aago méjìlá, aago méjì, ọmọ rẹ̀ kò yọjú. Nígbà tó di aago mẹ́rin, ara mi kò gbà á mọ́. Mo wọ bàtà, mo rìn yípo lọ sí ẹnu ọ̀nà tó ní kí n má fẹsẹ̀ kàn, mo kan ilẹ̀kùn.

Òun fúnra rẹ̀ ló ṣí i, ó wọ sálúbàtà, ó mú ṣíbí dání. Mo yọjú wo ẹ̀yìn rẹ̀. Kò sí àpótí kankan nílẹ̀.

"Mọ́tò dà?" mo ní.

"Mọ́tò wo?"

"Ti ọmọ yín. Mo gbọ́ nígbà tí ẹ ń pè é ní Tọ́sìdeè pé kó wá gbé yín."

Ó wo ṣíbí ọwọ́ rẹ̀. "Mi ò pe ẹnikẹ́ni ní Tọ́sìdeè. Inú yàrá ni fóònù mi wà."

"Ta wá ni ẹ ń bá sọ̀rọ̀?"

"Ìwọ ni, mo mọ̀ pé o máa gbọ́ lódìkejì ògiri," ó ní. "Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi ń wá bí mo ṣe máa bẹ̀rẹ̀. Mi ò mọ ọ̀nà mìíràn."

Òun ló ti kọ́kọ́ bá mi sọ̀rọ̀. Mo wá bú u. Mo ní ó fẹ́ pa mí, mo ní mi ò sùn láti ọjọ́ méjì, mo ní àgbàlagbà tó ń parọ́ fún ògiri kò ní láárí, ojú mi sì kún fún omi bí mo ti ń sọ ọ́. Ó fara balẹ̀ gbọ́ gbogbo rẹ̀. Nígbà tó tán lẹ́nu mi, ó ní kí n wọlé, kí n yé dúró sẹ́nu ọ̀nà òun bí ẹni tó wá tọrọ iná.