Pèrègún Ẹ̀yìn Sàárè

Nígbà tí Abíọ́nà fi máa bọ́ sílẹ̀ lórí ọ̀kadà ní Ìdí-Àgbọn, wọ́n ti ṣá èèyàn méjì. Ọ̀kan fẹ̀yìn ti igi àgbọn, ó fi ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ di apá, ẹ̀jẹ̀ ń gba abẹ́ aṣọ náà jáde. Wọ́n ti fi ìró obìnrin kan bo èkejì lójú.

Ajah ni Abíọ́nà, bíríkìlà ọmọ Ìkirè, ti ń to búlọ́ọ̀kù láàárọ̀ ọjọ́ náà nígbà tí Làtífátù, ìyàwó rẹ̀, tó lọ kí àwọn ará ilé rẹ̀, pè é lórí fóònù. Kò tilẹ̀ kí i.

"Baba Ọlábùnmí, wọ́n ti gbé katapílà dé ẹ̀gbẹ́ sàárè bàbá mi o! Bọ̀sún ti mú àdá. Ẹ máa bọ̀, ẹ jọ̀ọ́, wọn ó pa á!"

Bọ̀sún nìkan ni àbúrò tí Làtífátù ní. Ẹ̀yìn rẹ̀ ló ti dàgbà lẹ́yìn tí ìyá wọn kú. Abíọ́nà ju irinṣẹ́ sílẹ̀, kò fọ sìmẹ́ńtì ọwọ́ rẹ̀, àdúrà kan ṣoṣo ló sì ń gbà títí tó fi dé: kí òun bá Bọ̀sún láàyè.

Ẹni tó bá ń gba ọ̀nà yẹn kọjá lónìí, tó ń wo gèètì ńláńlá àti odi gíga, á ní ìdàgbàsókè ti dé. Ó dé lóòótọ́. Tòun tàdá ló jọ dé. Abúlé kékeré ni Ìdí-Àgbọn, létí ọ̀sà, lẹ́yìn Lakowe. Ilé méjì ló wà níbẹ̀, ilé Dúró tí Làtífátù ti wá àti ilé Akínọ̀ṣọ́. Wọ́n jọ ń dẹ àwọ̀n, wọ́n jọ ń ká àgbọn, wọ́n ń fẹ́ ọmọ ara wọn. Pèrègún tí àwọn baba wọn gbìn ló pààlà ilẹ̀ wọn, kò sì sẹ́ni tó ń fọwọ́ kàn án. Ìgbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ ọ̀nà márosẹ̀ Ẹ̀pẹ́ lójú ni nǹkan yí padà. Ilẹ̀ tí ẹnikẹ́ni ò kà sí di ohun tí àwọn olówó ń fi mọ́tò dúdú wá wò. Ẹ̀rọ ńlá kan wọ inú ọ̀sà, ó ń fa yanrìn, ó ń tú u sí etí omi tọ̀sán tòru. Ẹja sá lọ. Yanrìn bo etí ọ̀sà, ó bo pèrègún àtijọ́ mọ́lẹ̀ pátápátá.

Ilé Akínọ̀ṣọ́ ta ilẹ̀ tiwọn fún iléeṣẹ́ kan. Ilé Dúró ní àwọn ò tà, nítorí sàárè àwọn òkú wọn. Wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé pé ilẹ̀ iléeṣẹ́ náà parí síbi pèrègún. Awọnlẹ̀ wá, ó wá pèrègún, ó sì rí ọ̀wọ́ kan tó ń hù lẹ́yìn sàárè ilé Dúró. Bí sàárè ṣe bọ́ sínú ilẹ̀ tí wọ́n tà nìyẹn. Ilé Dúró ní pèrègún tòótọ́ wà lábẹ́ yanrìn. Ilé Akínọ̀ṣọ́ ní kí wọ́n hú u jáde kí àwọn rí i. Àwọn àgbà tó lè bá wọn yanjú ẹ̀ ti kú tán.

Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ilé Akínọ̀ṣọ́ tún ní kí wọ́n hú u jáde, ẹ̀rín tí wọ́n fi tẹ̀lé ọ̀rọ̀ yẹn ló sì dá ìjà sílẹ̀.

Òkò ń fò nígbà tí Abíọ́nà sáré wọ àárín wọn. Ìgò fọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ etí rẹ̀. Ìbọn ṣakabùlà dún, ọkùnrin kan gbá itan mú, ó ń pe ìyá rẹ̀. Ẹni tó ń wa katapílà ti fò sílẹ̀, ó ti sá lọ, ẹ́ńjìnnì ń dá ké. Bọ̀sún dúró lórí sàárè bàbá rẹ̀, òkò ti fọ́ ọ lórí, ó ń ju àdá bí ẹni tí kò mọ̀ pé òun ń jù ú. Fọláránmi, ọmọ ilé Akínọ̀ṣọ́, ló kojú rẹ̀. Ọkọ̀ ojú omi kan náà làwọn méjèèjì jọ ń wà tẹ́lẹ̀.

"Bọ̀sún, kúrò ńbẹ̀!" Fọláránmi ń sunkún bó ṣe ń pariwo. "Ṣé o ò lójú ni? Pèrègún nìyẹn! Pèrègún ò purọ́ fún ẹnì kankan rí!"

"Wá gbé mi kúrò!"

Abíọ́nà wo ibi tí Fọláránmi nawọ́ sí. Pèrègún náà tò lọ gbọọrọ, àlàfo àárín wọn dọ́gba. Kò sí ààlà tí wọ́n ń fi okùn wọ̀n báyẹn. Ó wo inú igbó lẹ́yìn wọn, ó tún rí ọ̀wọ́ mìíràn tó kọjú sí wọn. Igun mẹ́rin.

Ilé ni. Ilé Bọ̀sún ni.

Bàbá Làtífátù ló ní kí ó wọn ìpìlẹ̀ síbẹ̀ fún Bọ̀sún, tó wà ní Bàdágìrì nígbà náà níbi tó ti ń kọ́ṣẹ́. Bàbá ní kí ó má tíì sọ fún ẹnì kankan, nítorí ẹnu ayé. Pákó tí wọ́n máa ń gé ṣe pẹ́ẹ̀gì ò sí nílẹ̀ lọ́jọ́ náà, Abíọ́nà bá gé pèrègún létí ọ̀sà, ó gbẹ́ ẹnu wọn, ó gbá wọn mọ́lẹ̀, ó kan ìṣó sórí wọn, ó ta okùn. Ó mọ̀ pé pèrègún ń hù. Ṣùgbọ́n ó rò pé wọn ò ní pẹ́ẹ́ gbẹ́ ìpìlẹ̀, òun yóò sì hú wọn dànù. Àìsàn dá bàbá dúbúlẹ̀ kí wọ́n tó gbẹ́ ẹ, ó kú, Abíọ́nà wáṣẹ́ lọ sí Ajah. Òjò rọ̀. Igbó bo ibẹ̀.

"Ẹ dúró!" ló ń ké. "Pẹ́ẹ̀gì ni! Pẹ́ẹ̀gì mi ni!"

Ta ló máa gbọ́? Ó sáré dé ìdí pèrègún tó sún mọ́ ọn jù, ó gbá a mú, ó ń mì í. Ilẹ̀ yanrìn ni, gbòǹgbò rẹ̀ ò lágbára púpọ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í fà á tu.

Ẹnì kan lọgun: "Ó ń hú ààlà! Ará Ìkirè ń hú ààlà baba wa!"

Fọláránmi yíjú, ó rí àjèjì tó ń fa ohun tí àwọn baba rẹ̀ ò jẹ́ fọwọ́ kàn. Ó pa Bọ̀sún tì, ó sáré lọ bá a, ó gbé àdá sókè. Abíọ́nà bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, kò rí i. Bọ̀sún ló rí i. "Bọ̀dá!" ló wí, ó fò lé ẹ̀yìn àna rẹ̀, àdá sì wọlé láàárín ọrùn àti èjìká rẹ̀.

Pèrègún náà tu. Abíọ́nà ṣubú tòun tiẹ̀, Bọ̀sún sì ṣubú lé e lórí. Ẹ̀jẹ̀ gbígbóná da bo ojú rẹ̀.

"Ẹ wo ìṣó!" Ó na pèrègún náà sókè. "Èmi ni mo kàn án! Ilé Bọ̀sún ni bàbá fẹ́ kọ́ síbí! Ẹ wò ó!"

Fọláránmi gbà á. Ó fi àtàǹpàkò tẹ ìṣó tó ti dípẹtà lórí igi náà. Àdá bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó kúnlẹ̀, ó ń gbọn ọ̀rẹ́ rẹ̀.

"Bọ̀sún, dìde. Ìṣó ni. Bọ̀sún, ìṣó ni."

Kò dìde.

Ọlọ́pàá wá kó àwọn ọkùnrin ilé méjèèjì lọ. Kí wọ́n tó tú ẹnikẹ́ni sílẹ̀, iléeṣẹ́ náà ti mọ odi. Wọn ò yà fún ẹnì kankan. Ẹ̀yìn sàárè níbi tí pèrègún wà gan-an ni wọ́n mọ ọ́n gbà, sàárè sì wà nínú. Nítorí náà ìta odi ni wọ́n sin Bọ̀sún sí, níbi tí ì bá jẹ́ yàrá rẹ̀.

Nígbà tí àwọn èèyàn lọ tán, Làtífátù mú pèrègún náà, tó ti ṣà nílẹ̀ lọ́jọ́ ìjà tó sì fi pamọ́, jáde lábẹ́ ìró rẹ̀. Kò tíì bá ọkọ rẹ̀ sọ̀rọ̀ láti ọjọ́ ìjà náà. Ó nà án sí i.

"Ẹ̀yin lẹ mọ bí wọ́n ṣe ń gbìn ín," ló wí. "Ẹ gbìn ín."

Abíọ́nà fẹ́ kọ́kọ́ yọ ìṣó náà. Ó fi èékánná fà á, ó fi eyín fà á, ṣùgbọ́n igi ti gbé e mì. Ó gbẹ́ ihò níbi orí Bọ̀sún, ó sì gbìn ín bẹ́ẹ̀.