Àga Rafika Níbi Ìgbéyàwó

Látìgbà tí ìwé Rafika ti jáde, kò sí ilé ọlọ́rọ̀ kan nílùú Gabès, ní ilẹ̀ Tùnísíà, tó mọ ibi tí wọn ì bá fi í jókòó sí mọ́. Ìtàn àròsọ ni, ó dá lórí àwọn obìnrin dúdú bíi tirẹ̀, tí àwọn ìdílé aláwọ̀ pupa máa ń ránṣẹ́ pè síbi ìgbéyàwó kí wọ́n wá dáná, kí wọ́n wá lùlù, kí wọ́n sì mú oríire bá ìyàwó, ṣùgbọ́n tó jẹ́ pé ẹnu ọ̀nà ẹ̀yìn ni wọ́n ń gbà wọlé. Àwọn tí kò ka ìwé náà ló bẹ̀rù rẹ̀ jù.

Ìdí nìyí tí Lella Essia, níbi ìgbéyàwó ọmọ rẹ̀, fi gbé Rafika ka orí àga gíga lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyàwó gan-an. Nígbà tí Rafika dìde pé kí òun gbé àwo kan kúrò lọ́nà, obìnrin náà sáré dá a dúró.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jókòó, Ọ̀jọ̀gbọ́n. Kí wọ́n má lọ sọ pé àwa la rán yín níṣẹ́."

Rafika kì í ṣe ọ̀jọ̀gbọ́n. Kì bá tilẹ̀ ti wá, bí kì í bá ṣe ti Mbarka, àbúrò ìyá rẹ̀ tó tọ́ ọ dàgbà, tó ń dáná níbẹ̀. Mbarka kò bá a sọ̀rọ̀ mọ́ láti ọjọ́ tí wọ́n ti ka ìwé náà sí i létí.

Bí gbogbo ojú ṣe yí sí ìyàwó tó ń jó, Rafika yọ́ lọ sílé ìdáná.

Mbarka wò ó, ó sì yíjú padà sí iná. Ooru ń sá jáde níbi tí ajere kúsíkúsì, oúnjẹ wóró àlìkámà, ti jókòó lórí ìkòkò ọbẹ̀. Rafika ká aṣọ rẹ̀ sókè, ó kúnlẹ̀, ó ri àkísà gígùn kan sínú ìyẹ̀fun tí wọ́n fi omi pò, ó wé e yí ojú ibẹ̀ ká, ó sì ń fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́ mọ́ra, títí ooru kò fi rí ọ̀nà mìíràn ju kó gba àárín kúsíkúsì lọ sókè.

"Ìwọ lo kọ ọ́ pé mo sunkún nílé ìdáná," Mbarka sọ ọ́ sí ìkòkò.

"Kì í ṣe ẹ̀yin, Màmá. Ènìyàn inú ìwé ni."

"Ènìyàn inú ìwé tó ní àmì dúdú lágbọ̀n bíi tèmi."

"Mo lè yọ àmì yẹn kúrò."

"Fi í sílẹ̀, ó wù mí. Ẹkún yẹn ni kó o yọ. Èmi, kí n sunkún níbí? Àwọn onílé gan-an ló máa ń kanlẹ̀kùn kí wọ́n tó wọlé bá mi."

"Ẹnu ọ̀nà ẹ̀yìn ńkọ́?"

Mbarka nu ọwọ́. "Ìyẹn, òótọ́ ni. Ẹ̀ẹ̀kan péré lo sì sọ ọ́. Ahun."

Lella Essia ti dé ẹnu ọ̀nà, ó gbé ọwọ́ lé àyà. "Ta ló rán Ọ̀jọ̀gbọ́n wá síbí? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dìde nílẹ̀."

"Èmi ni," ni Mbarka wí. "Ọmọ mi ni, ìyà ni mo fi ń jẹ ẹ́. Lella, ẹ wọlé tàbí kí ẹ tilẹ̀kùn. Atẹ́gùn ń ba iná mi jẹ́."

Lella Essia rò ó wò, ó tilẹ̀kùn, òun fúnra rẹ̀ sì wà níta. Wọ́n ń gbọ́ ọ tó ń ṣàlàyé fún àwọn àlejò: "Ẹsẹ̀ ara rẹ̀ ló gbé e lọ. Èmi ò rán an o."

Mbarka rẹ́rìn-ín títí ó fi di tábìlì mú. Ó wá fi ẹsẹ̀ ti àpótí kékeré kan sí Rafika.

"Jókòó. Bó o bá fẹ́ kọ òmíràn, kọ́kọ́ wá bi mí."

"Ṣé ẹ máa sọ òótọ́ fún mi?"

"Rárá o. Ṣùgbọ́n wàá jẹun kó o tó máa lọ."