Ó Gé Mi Níbi "Ṣùgbọ́n"

Pásítọ̀ Adéolú gé ọ̀rọ̀ mi sí méjì, ó fi ìdajì ránṣẹ́ sí gbogbo ìjọ, ó sì fi orúkọ mi lé e lórí. Ohun tó ṣe nìyẹn. Mi ò ní orúkọ mìíràn tí mo lè pè é. Kì í ṣe àṣìṣe... àbí àṣìṣe ni? Rárá. Ẹni tó bá ṣèèṣì gé nǹkan, ibi tó bá wu ọ̀bẹ ni ọ̀bẹ ń bọ́ sí. Tirẹ̀ kò bọ́ síbi tó wù ú. Ibi "ṣùgbọ́n" gan-an ló ti gé mi.

Nínú ìsìn lónìí, wọ́n ń kọrin. Èmi náà dìde, mo ń pàtẹ́wọ́, ẹnu mi ń mì, n kò mọ orin wo ni. Òun wà níwájú, ó gbé ọwọ́ méjèèjì sókè, ó di ojú. Ọwọ́ yẹn náà ló gbé fóònù sórí tábìlì lọ́jọ́ tí mo sọ̀rọ̀ nínú gbọ̀ngàn yìí, tó ní kó máa gba ohùn mi sílẹ̀. Lẹ́yìn náà ló bọ́ sóde lọ pàdé àwọn àlejò. Ó pẹ́ kó tó padà. Mo ti parí kó tó wọlé... Nítorí náà ó lè jẹ́ pé kò gbọ́ ọ dópin. Ẹni tí kò gbọ́ tán kì í ṣe ọ̀dàlẹ̀. Aláìmọ̀kan ni. Mo lè dárí ji aláìmọ̀kan.

Òun ló bẹ̀ mí kí n sọ̀rọ̀. "Mummy, ẹ wá ṣàlàyé Switzerland yẹn fún wa. Ṣebí ẹ̀yin lẹ kàwé ẹ̀." Ìbò ti kù sí dẹ̀dẹ̀ nígbà náà. Gbogbo ènìyàn ló ń bèèrè bóyá kí Britain dúró nínú àjọ Yúróòpù tàbí kó kúrò. Àwọn kan ní, Switzerland ńkọ́? Kò sí nínú àjọ, kò bá ẹnikẹ́ni jagun, ó sì lówó ju gbogbo wọn lọ. Mo sì mọ ìdáhùn. Orí rẹ̀ ni mo kọ iṣẹ́ àṣekágbá mi lé, èmi tí mo bẹ̀rẹ̀ ilé-ìwé nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ mi ń ka ọmọ-ọmọ. Ta ló fi ọkọ̀ gbé mi lọ sí ilé-ìwé náà lálẹ́ àkọ́kọ́? Òun náà ni. Kò tíì di pásítọ̀ nígbà náà. Yàrá ìgbàlejò ilé mi ní Whalley Range ló ń sùn sí. Mo dé ẹnu ọ̀nà kíláàsì, ẹsẹ̀ mi kọ̀, mo rí àwọn ọmọdé tí wọ́n jókòó síbẹ̀ pẹ̀lú kọ̀ǹpútà. Ó dúró tì mí. "Mummy, ẹ wọlé. Tí wọ́n bá fi yín rẹ́rìn-ín, mo wà níta."

Mo wà níta.

Kí ni mo sọ lọ́jọ́ náà? Mo mọ̀ ọ́n lórí. Mo ní, ẹ fojú inú wo agbo ilé ńlá kan. Ilé kékeré kan wà láàrin rẹ̀. Baálé ilé kékeré yìí kì í dá sí ìjà ẹnikẹ́ni, kì í sì í lọ sí ìpàdé ẹbí. Wọ́n pè é, ó kó àwọn ará ilé rẹ̀ jọ, ó bi wọ́n léèrè, wọ́n ní àwọn ò lọ. Síbẹ̀, gbogbo agbo ilé ló ń tajà fún, ó sì ń jẹun yó.

Ibẹ̀ ló gé e sí. Ó sì ń jẹun yó. Ìdákẹ́jẹ́.

Ìdajì kejì ńkọ́? Ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀nà agbo ilé náà ló ń gbà jáde, nítorí wọ́n yí i ká. Ṣùgbọ́n òfin tí wọ́n bá ṣe ní ìpàdé tí kò lọ, òun náà ní láti tẹ̀ lé e kó tó lè rí wọn tajà fún. Ó ń dáwó sí àtúnṣe ilé àwọn tí kò rí jájẹ nínú ẹbí. Ó ṣílẹ̀kùn fún àwọn ọmọ wọn kí wọ́n wá ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀. Àdéhùn wọn so mọ́ra bí ìlẹ̀kẹ̀ orí okùn kan, já okùn níbì kan, gbogbo rẹ̀ á dà sílẹ̀. Nígbà tí àwọn ará ilé rẹ̀ dìbò ní 2014 pé kí wọ́n pa ilẹ̀kùn dé díẹ̀, ẹbí ò pariwo. Wọ́n kàn ti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ sẹ́yìn nínú ètò ẹ̀kọ́ tiwọn. Títí di báyìí ló ń wá bí yóò ṣe tún un ṣe.

Mo sì parí rẹ̀ báyìí: mi ò ní sọ ibi tí ẹ máa dìbò sí. Ẹ gbọ́ gbogbo rẹ̀, kí ẹ lọ rò ó. N kò gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni. Ẹni tí kò gbè sẹ́yìn ẹnikẹ́ni, kí ló kù tó ní? Gbogbo ọ̀rọ̀ náà ni. Ohun kan ṣoṣo tó ní nìyẹn. Bí o bá gba ìdajì lọ́wọ́ rẹ̀, o ti sọ ọ́ di olùpolongo.

Níbi iṣẹ́ mi ní pápákọ̀ òfuurufú, báàgì àwọn èrò ni mo ń yẹ̀ wò. Ìyá àgbà òyìnbó kan á máa sọ pé, "It's only my tablets, love." Mo máa ń rẹ́rìn-ín sí i, màá sì tú báàgì rẹ̀ dé ìsàlẹ̀. Ẹni tó bá tú báàgì dé ìdajì, tó wá ní kí ẹni náà máa kọjá, gbogbo àwọn tó wà nínú ọkọ̀ ló purọ́ fún.

Wọ́n ti jókòó. Mo jókòó. Etí ọ̀nà ni mo mú lónìí, kí n lè tètè dìde bí kò bá sọ fún ìjọ pé òun ló gé e. Ó ṣèlérí. Kò ṣèlérí! "Ọlọ́run á ṣe é, Mummy" ló fi parí ọ̀rọ̀ lórí fóònù. Ṣé ìlérí nìyẹn?

Èmi kì í lo WhatsApp; Julius, ọmọ ìjọ wa, ni mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀. Ní ṣọ́ọ̀bù ní Stretford, ọjọ́ kejì ìbò, ó rí mi lókèèrè, ó dọ̀bálẹ̀ díẹ̀ láàrin àwọn òyìnbó, ó gbá ikùn rẹ̀. "Mummy! Ó sì ń jẹun yó! Switzerland ti di tiwa o! Ẹ̀yin lẹ là wá lójú, mo ti dìbò kúrò!" Ó ń rẹ́rìn-ín. Mo ní, Julius, kí lo gbọ́? Mo délé, Victoria ọmọ mi ti rí i lórí fóònù rẹ̀. Ó gbé e sí etí mi. "Mum, ṣé ibẹ̀ lẹ parí sí? It just stops. They've proper mugged you off, wọ́n sọ yín di òmùgọ̀." Mo mọ ohùn mi. Ohùn mi ni. Bí ènìyàn bá purọ́ mọ́ mi pẹ̀lú ohùn tirẹ̀, mo lè bá a jà...

Monica ìyàwó Julius jókòó sẹ́yìn mi níbí lónìí. Mo mọ̀ láìbojú wẹ̀yìn. Julius wà lápá ọ̀tún, òun wà lápá òsì. Wọn kì í jókòó báyẹn tẹ́lẹ̀. Ọmọ Nàìjíríà tó ti gbé Ìtálì ni Monica, ìwé ìrìnnà Ìtálì ló fi ń gbé níhìn-ín, òun ló sì ń fi iṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó bọ́ ilé. Kò lè dìbò. Ọkọ rẹ̀ tó ní ìwé ìrìnnà Nàìjíríà lè dìbò nítorí pé ọmọ Commonwealth ni, ó sì lọ fi ìbò rẹ̀ ti ilẹ̀kùn mọ́ ìyàwó ara rẹ̀, ó ń gbá ikùn. Nítorí ohùn mi. "Mummy, na you talk am o," Monica sọ fún mi lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì. "Dem go pursue me?" Kò kúnlẹ̀ kí mi lọ́jọ́ náà. N kò bínú. Kí ni mo fẹ́ fi bínú?

Mo pe pásítọ̀. "Mummy, fáìlì yẹn ló gùn jù, WhatsApp ò gbà á." Mo ní, ẹ ṣe wá gé e níbi ṣùgbọ́n? "Ẹ̀yin náà, Mummy Professor! Tí àwọn Poland bá lọ, ṣebí àwa Commonwealth ni wọ́n máa ṣílẹ̀kùn fún?" Mo ní, ohun tí ẹ bàjẹ́ lójú gbogbo ìjọ, lójú gbogbo ìjọ lẹ máa tún un ṣe. Ó ní, "Ẹ jẹ́ kí ìjọ wà láàrin méjì lórí ọ̀rọ̀ yìí, Mummy. Ẹ jẹ́ ká dà bí Switzerland yín." Ó fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Tàbí ẹ̀rù ló bà á. Bóyá lóòótọ́ ni fáìlì gùn. Bóyá ibi tí WhatsApp gbà dé nìyẹn. Ó bọ́ sóde, ó gba àlejò, kò gbọ́ ọ dópin...

Ìkéde. Ìpàdé àwọn obìnrin ọjọ́ Saturday. Ìkómọjáde ní Wythenshawe. Ẹ má páàkì sí iwájú ilé aládùúgbò wa mọ́. Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ó pa ìwé dé. Kò sọ ọ́. Màá dìde. Wọ́n á ní mo tàbùkù ẹni òróró lójú àwọn ọmọdé, kí wọ́n sọ ọ́. Dìde, obìnrin yìí...

Pásítọ̀ ń sọ̀kalẹ̀ bọ̀. Ó fi pẹpẹ sílẹ̀, ó ń rìn bọ̀ láàrin àga. Ọ̀dọ̀ mi ló ń bọ̀. Ó kọjá lára mi. Ó kọjá!

"Sister Monica, na you I go first beg."

Kì í ṣe orúkọ mi. Ó dùn mí fún ìṣẹ́jú kan, lẹ́yìn náà ojú tì mí pé ó dùn mí. Ó yíjú sí gbogbo wa.

"Ẹ̀yin ará, òtítọ́ ni Mummy wa sọ. Èmi ni mo gé e. Mo sọ fún Mummy pé WhatsApp ni. Kì í ṣe WhatsApp. Àbúrò mi ń dúró de fisa l'Abẹ́òkúta, mo sì ń wá ohun tó máa mú ẹ̀yin náà dìbò kúrò. Mo gbọ́ ọ̀rọ̀ Mummy dópin, mo tún gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan sí i, kí n tó gé e."

Ó gbọ́ ọ dópin.

Gbogbo ọjọ́ wọ̀nyí, èmi náà ń gé e. Mo ń yọ ìdajì tó mọ ohun tó ń ṣe kúrò lára rẹ̀, mo ń jù ú nù, kí n lè máa rí ìdajì kejì, ọmọ tó dúró lẹ́nu ọ̀nà kíláàsì tó ní, mo wà níta. Mo yíjú sẹ́yìn, odidi rẹ̀ nìyí níwájú mi. Adéolú kan ṣoṣo ni. Ẹni tó ní kí n wọlé ló ta mí, ó sì mọ̀.

Ó ti kúnlẹ̀ sáàrin àga. Ohùn rẹ̀ kò ròkè.

"Mo mọ ohun tí mo ń gé. Ẹ dárí jì mí."